Alájọgbélé Tí Ń Fòòró Ẹni: Ìdáhùn sí Ìbéèrè Ìyàwó Kan ní Ṣómólú

Obìnrin ẹni ọdún 29 kan kọ̀wé sí mi láti Ṣómólú ní Ìlú Èkó. Oṣù mẹ́rìnlá sẹ́yìn ni òun àti ọkọ rẹ̀ kó lọ sí ilé oníyàrá mẹ́wàá kan, níbi tí gbogbo ayálégbé ti jọ ń lo ilé ìdáná kan, bálùwẹ̀ méjì àti okùn aṣọ kan. Màmá kan tí yàrá rẹ̀ wà lẹ́nu ọ̀nà, tí ó ti tó ẹni ọgọ́ta ọdún, tí ó sì ń gba owó iná jọ lọ́wọ́ gbogbo ilé, kò jẹ́ kí ó rímú mí láti ọjọ́ tí ó ti dé. Ó ń gbé ìkòkò rẹ̀ kúrò lórí iná, ó ń ká aṣọ rẹ̀ sílẹ̀ lórí okùn kí ó tó gbẹ, bí ó bá sì ti ń kọjá ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, orin ni yóò máa fi bú u nítorí pé kò tíì bímọ lẹ́yìn ọdún mẹ́ta tí ó ti ṣègbéyàwó. Ní ọ̀sẹ̀ tí ó ṣáájú lẹ́tà yìí, ó da omi tí ó fi fọ ẹja sí i lára. Èèyàn mẹ́ta ni ó wà níbẹ̀: ọ̀kan wo ilẹ̀, ọ̀kan wọ yàrá rẹ̀ lọ, ẹnì kẹta rẹ́rìn-ín. Ọkọ rẹ̀, awakọ̀ tí ń jáde kí ilẹ̀ tó mọ́, ní kí ó fi í sílẹ̀ fún Ọlọ́run. Ìyá rẹ̀ ní kí ó ṣe sùúrù. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní kí ó fún màmá náà padà lọ́nà tí yóò yé e. Ó wá béèrè lọ́wọ́ mi pé, “Ẹ̀yin Mà, ṣé kí n máa dákẹ́ ni, àbí kí n bá a jà?”

Arábìnrin mi, ẹ kú ìfaradà. Mo ka lẹ́tà yín lẹ́ẹ̀mejì, nígbà àkọ́kọ́ tí mo dé ibi omi ẹja yẹn, ńṣe ni mo gbé e kalẹ̀ ná kí n tó lè kà á tán. Iṣẹ́ ìlàjà láàárín àwọn ayálégbé, àwọn onílé àti àwọn aládùúgbò ni mo ti ń ṣe láti ọdún 18 sẹ́yìn. Irú ọ̀rọ̀ yín kò ṣàjèjì sí mi, ṣùgbọ́n kò tíì mọ́ mi lára, n kò sì fẹ́ kí ó mọ́ mi lára láéláé.

Èsì tí mo ní fún yín ni pé ẹ má dákẹ́, ẹ má sì bá a jà. Ìdákẹ́ àti ìjà, ọ̀rọ̀ ẹni méjì ni àwọn méjèèjì, ẹ̀yin àti màmá náà. Ohun tí ó ń ṣẹlẹ̀ sí yín kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹni méjì. Ẹ tún lẹ́tà tí ẹ kọ kà, ẹ óò rí i pé nínú gbogbo ohun tí ẹ kà sílẹ̀, kò sí èyí tí màmá yìí ṣe ní kọ̀rọ̀. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ ni ó ti ń kọrin, ilé ìdáná tí èrò wà ni ó ti ń gbé ìkòkò, ojú ẹni mẹ́ta ni ó sì ti da omi ẹja. Àwọn tí ń wò ni ó ń ṣe é fún. Ìdákẹ́ wọn ni ó fi mọ̀ pé ilé gbà fún òun, ẹ̀rín ẹnì kan nínú wọn sì tó láti mú kí ó tún ṣe é lọ́la. Nítorí náà, ọ̀dọ̀ àwọn tí ń wò yìí ni iṣẹ́ yín pọ̀ sí ju ọ̀dọ̀ màmá náà fúnra rẹ̀ lọ.

Kí n kọ́kọ́ ya ohun méjì sọ́tọ̀, nítorí pé àwọn tí wọ́n gbà yín nímọ̀ràn da méjèèjì pọ̀. Ìjà yàtọ̀ sí ìfòòró. Bí èèyàn méjì tí agbára wọn dọ́gba bá ń fa ọ̀rọ̀ lórí ẹni tí ó yẹ kí ó gbá ọ̀dẹ̀dẹ̀ tàbí ẹni tí kò san owó iná, ìjà nìyẹn. Ó lè le, ó lè pẹ́, ṣùgbọ́n kálukú ni ó ní ẹjọ́ tirẹ̀ lọ́wọ́. Ọ̀mọ̀wé Dan Olweus, ọmọ ilẹ̀ Sweden tí ó fi ìlú Bergen ní Norway ṣe ibùjókòó iṣẹ́ rẹ̀, bẹ̀rẹ̀ sí í wádìí ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ tí ẹgbẹ́ wọn ń fìyà jẹ ní ilé-ìwé láti ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970. Ohun mẹ́ta tí òun fi dá ìfòòró mọ̀ ni àwa tí a wà nídìí iṣẹ́ yìí ṣì ń lò títí di òní: pé a mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é, pé ó ń ṣẹlẹ̀ léraléra, àti pé agbára ẹni tí ń ṣe é ju ti ẹni tí a ń ṣe é sí lọ. Mo fi mẹ́tẹ̀ẹ̀ta wọn ọ̀rọ̀ yín. Kò sí ẹni tí ń ṣèèṣì ká aṣọ aláṣọ sílẹ̀ lóṣooṣù. Oṣù mẹ́rìnlá kì í ṣe ọjọ́ kan. Ní ti agbára, màmá náà jù yín lọ ní ọjọ́ orí, ó ti pẹ́ nínú ilé jù yín lọ, ọwọ́ rẹ̀ ni owó iná gbogbo ilé wà, ẹ̀yin sì ni gbogbo ilé ń pè ní Ìyàwó, orúkọ tí ó dùn-ún gbọ́, ṣùgbọ́n tí ó túmọ̀ sí pé gbogbo ẹni tí ó wà níbẹ̀ ni ó ṣáájú yín.

Mo tẹnu mọ́ ìyàtọ̀ yìí nítorí pé oògùn méjèèjì kì í ṣe ọ̀kan. Bí ẹni méjì bá ń jà, a lè pè wọ́n jókòó kí a ní kí kálukú fi díẹ̀ sílẹ̀. Ẹni tí a ń fòòró kò ní ohun tí yóò fi sílẹ̀, bí a bá sì ní kí ó gba díẹ̀ mọ́ra, apá kan ìyà náà ni a ní kí ó máa jẹ lọ. Èmi náà ti ṣe àṣìṣe yìí rí, nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Mo pe obìnrin méjì jókòó sínú yàrá kan, èyí àgbà sunkún, mo sì ní kí èyí àbúrò kúnlẹ̀ bẹ̀ ẹ́ kí ọ̀rọ̀ lè parí. Ó kúnlẹ̀, gbogbo wa sì rò pé a ti ṣe iṣẹ́ rere. Ní oṣù kejì ni mo gbọ́ pé ọmọbìnrin náà ti kó jáde ní òru láìdágbére fún ẹnikẹ́ni. Láti ìgbà náà ni mo ti máa ń béèrè ẹni tí agbára wà lọ́wọ́ rẹ̀ kí n tó sọ pé kí ẹnikẹ́ni jókòó.

Ìyá yín ní kí ẹ ṣe sùúrù, n kò sì ní bá wọn jiyàn lórí sùúrù, nítorí pé a kò lè gbé ilé alájọgbé láìsí i. Bí ẹnì kan bá gbàgbé ìkòkò rẹ̀ sórí iná tí ẹ sì dúró dè é, sùúrù nìyẹn. Bí ọmọ yàrá kejì bá ń ké ní òru tí ẹ kò sì wí nǹkan kan, sùúrù nìyẹn. Ṣùgbọ́n àwọn àgbà tí wọ́n kọ́ wa ní sùúrù ni wọ́n tún sọ fún wa pé bí a bá dákẹ́, tara ẹni a máa bá ni dákẹ́. Ẹ wo bí ọ̀rọ̀ yín ṣe gòkè: orin ni ó kọ́kọ́ jẹ́, ó di ìkòkò, ó di aṣọ, ó sì di omi ẹja. Ẹni tí ń fòòró èèyàn máa ń fi ẹsẹ̀ kan tẹ ilẹ̀ wò ni, bí ilẹ̀ bá sì gbà á, yóò gbé èkejì lé e.

Ìmọ̀ràn ọ̀rẹ́ yín ni ó léwu jù. Lọ́jọ́ tí ẹ bá da omi padà sí màmá ẹni ọgọ́ta ọdún lára, ọ̀rọ̀ oṣù mẹ́rìnlá ti pa rẹ́ nìyẹn. Ohun tí gbogbo àdúgbò yóò máa sọ ni pé ìyàwó kékeré da omi sí àgbàlagbà lára, kò sì sí ẹni tí yóò béèrè ohun tí ó ṣáájú. Afínràn mọ èyí dáadáa, ọ̀pọ̀ wọn ni ó sì ń dúró de ọjọ́ náà.

Ẹ jẹ́ kí n dúró díẹ̀ lórí orin, nítorí pé ibẹ̀ ni ọgbọ́n màmá náà wà. Ẹni tí ó gbọ́ Yorùbá mọ̀ pé orin tí a fi ń bú ni máa ń dunni ju èébú ojúkojú lọ, torí pé kò ní orúkọ. Obìnrin ń gbálẹ̀, ó ń kọrin nípa igi tí kò so. Obìnrin ń lọ ata, ó ń kọrin nípa ilé tí kò sí ariwo ọmọ. Bí ẹ bá dákẹ́, ó ti bú yín. Bí ẹ bá dáhùn, yóò la ojú sílẹ̀, yóò ní, “Ṣé mo dárúkọ ẹnikẹ́ni ni? Àbí èèyàn kò tún lè kọrin nínú ilé yìí mọ́?” Ẹ̀yin ni ẹ óò wá dà bí ẹni tí ń wá ìjà kiri. Ìbòjú tí orin yìí wọ̀ ni ó fún un lágbára, ìbòjú náà sì ni kí ẹ bá a ṣí, láìbínú.

Ní ọjọ́ tí ó bá tún kọ ọ́ tí àwọn èèyàn wà níbẹ̀, ẹ dúró. Ẹ gbé ohun tí ó wà lọ́wọ́ yín kalẹ̀, ẹ kúnlẹ̀ díẹ̀ bí ẹ ṣe máa ń kí i láàárọ̀, kí ẹ sì béèrè pé, “Màmá, ẹ dákun mà, ṣé èmi ni orin yìí ń bá wí?” Lẹ́yìn náà, ẹ dákẹ́, kí ẹ máa wò ó. Ìdúró yìí ni ó le jù nínú gbogbo ohun tí mo fẹ́ kí ẹ ṣe, nítorí pé ẹnu yóò máa yún yín láti fi àlàyé kún un. Ẹ má fi nǹkan kan kún un. Bí ó bá ní rárá, kì í ṣe ẹ̀yin, ẹ dáhùn pé, “Ẹ ṣeun mà, mo fẹ́ kí ó dá mi lójú ni,” kí ẹ gbé korobá yín kí ẹ sì máa lọ. Ó ti sọ lójú gbogbo ilé pé kì í ṣe ẹ̀yin, bí ó bá sì tún kọ ọ́ lọ́la, gbogbo ẹni tí ó gbọ́ ni yóò rántí. Bí ó bá ní bẹ́ẹ̀ ni, ẹ̀yin ni, orin náà ti ní orúkọ nìyẹn, ó sì ti jẹ́wọ́ lójú ẹlẹ́rìí. Ẹ ní, “Ó dùn mí, mà. Mo bẹ̀ yín, ẹ má kọ ọ́ sí mi mọ́.” Èyí tí ó wù kí ó sọ nínú méjèèjì, kò lè padà sẹ́yìn ìbòjú náà bí ó ṣe wà tẹ́lẹ̀.

Ohun kan ṣoṣo tí mo fẹ́ kí ẹ yàgò fún níbẹ̀ ni àlàyé nípa ọmọ bíbí. Ẹ má sọ pé ẹ ti lọ rí dókítà, ẹ má sọ pé Ọlọ́run yóò dá yín lóhùn láìpẹ́, ẹ má sì sọ pé kì í ṣe ẹ̀yin ni ìṣòro náà ti wá. Ọ̀rọ̀ inú yàrá yín ni, kò sí ẹni tí ẹ jẹ ní gbèsè rẹ̀ nínú ilé yẹn, ohunkóhun tí ẹ bá sì sọ nípa rẹ̀ lónìí ni yóò di orin tuntun lọ́la.

Àwọn ọ̀dọ́bìnrin kan ti bi mí pé báwo ni èèyàn yóò ṣe máa kúnlẹ̀ fún ẹni tí ń fìyà jẹ ẹ́. Mo mọ ohun tí wọ́n ń sọ, ọ̀rọ̀ náà kò sì rọrùn. Ṣùgbọ́n ẹ̀sùn kan wà tí màmá náà ti ń tọ́jú dè yín, òun ni pé ẹ kò ní ẹ̀kọ́ ilé. Ìkúnlẹ̀ yín ni yóò gba ẹ̀sùn yẹn lọ́wọ́ rẹ̀. Orúnkún lè kanlẹ̀ kí ohùn sì dúró ṣánṣán. Ẹ gbìyànjú rẹ̀ nínú yàrá yín kí ọjọ́ náà tó dé, kí ẹ sọ gbólóhùn náà jáde lẹ́nu bí ẹ̀ẹ̀mẹwàá, títí tí kò fi ní gbọ̀n lẹ́nu yín mọ́.

Mo padà sí ọ̀rọ̀ àwọn tí ń wò. Ní ọdún díẹ̀ sẹ́yìn, mo lọ rí onílé kan ní Mushin lórí ọ̀rọ̀ mìíràn, mo sì jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ ní àárọ̀ kùtù tí mo ń dúró dè é. Korobá mẹ́rin ti tò sẹ́nu bálùwẹ̀. Ọkùnrin kan tí gbogbo ilé ń bẹ̀rù jáde wá, ó fi ẹsẹ̀ ti àwọn korobá náà sẹ́yìn, ó sì gbé tirẹ̀ síwájú. Korobá ọmọbìnrin kan tí ń kọ́ iṣẹ́ télọ̀ dojú dé, omi náà sì ṣàn dé ẹsẹ̀ mi. Ọmọ náà kò lè sọ̀rọ̀. Bàbá arúgbó kan wà níwájú yàrá tirẹ̀ tí ó ń gbọ́ ìròyìn lórí rédíò. Bàbá náà kò dìde. Ó yí rédíò wálẹ̀, ó sì ní, “Bàbá Ìbejì, omi ọmọ yẹn dànù.” Kò bú u, kò sì gbóhùn sókè. Obìnrin tí ń gé àlùbọ́sà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ gbójú sókè, ó ní, “Lóòótọ́ ni o, ó dànù.” Ọkùnrin náà pòṣé, ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó gbé korobá rẹ̀, ó sì padà sínú yàrá rẹ̀ títí ọmọ yẹn fi pọn omi mìíràn tí ó sì wẹ̀ tán. Gbogbo rẹ̀ kò pé ìṣẹ́jú méjì. Bàbá yẹn sì tún yí rédíò rẹ̀ sókè.

Àwọn olùwádìí kan ní Kánádà ti fi kámẹ́rà àti ẹ̀rọ gbohùngbohùn wo irú nǹkan yìí láàárín àwọn ọmọ ilé-ìwé ní pápá ìṣeré, wọ́n sì tẹ iṣẹ́ wọn jáde ní ọdún 2001. Nínú ọ̀pọ̀ jù lọ ìgbà tí wọ́n rí i pé a ń fìyà jẹ ọmọ kan, àwọn ọmọ mìíràn wà níbẹ̀ tí ń wò. Nínú ìgbà márùn-ún, bí ẹ̀ẹ̀kan péré ni ẹnì kan dá sí i. Ṣùgbọ́n nígbà tí ẹnì kan bá dá sí i, ó ju ìdajì ìgbà náà lọ tí ìyà náà dúró kí ìṣẹ́jú àáyá 10 tó pé. Ọmọdé ni wọ́n wò, kì í ṣe ayálégbé, ṣùgbọ́n ohun tí mo rí ní Mushin kò yàtọ̀ sí i. Ohun tí ń fòpin sí ìfòòró kì í sábà le tó bí a ṣe rò, ẹni tí yóò kọ́kọ́ yanu ni ó ṣọ̀wọ́n.

Nítorí náà, ẹ lọ wá ẹni yẹn. Ẹ má pe ìpàdé ilé, nítorí pé ní ìpàdé, ẹni tí ó gba owó iná jọ ni yóò kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ẹ lọ bá wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, ní ìrọ̀lẹ́ tí ara ti tù wọ́n, ẹ má lọ pẹ̀lú omijé, ẹ má sì bú màmá náà lẹ́yìn, torí pé ọ̀rọ̀ máa ń rìn. Ẹni tí ó wo ilẹ̀ lọ́jọ́ omi ẹja ni kí ẹ kọ́kọ́ lọ bá. Ojú ń ti ẹni tí ó wo ilẹ̀, ìtìjú yẹn sì jẹ́ ẹ̀rí pé ó mọ̀ pé ohun tí òun rí kò dára. Ẹ má bẹ̀ ẹ́ pé kí ó gbè sẹ́yìn yín tàbí kí ó bá yín bá màmá jà, yóò sá. Ẹ bẹ̀ ẹ́ ní nǹkan tí kò wúwo: pé bí irú rẹ̀ bá tún ṣẹlẹ̀ lójú rẹ̀, kí ó sọ gbólóhùn kan ṣoṣo, “Màmá, ó tó.” Bí ìyẹn bá pọ̀ jù fún un, kí ó kàn pè yín kúrò níbẹ̀ pé, “Ìyàwó, wá bá mi mú nǹkan.” Ẹni tí ó wọ yàrá lọ ni ẹ óò lọ bá tẹ̀lé e. Ẹni tí ó rẹ́rìn-ín, ẹ fi í sílẹ̀ ná. Bí àwọn méjì bá ti yí ojú padà, ẹ̀rín rẹ̀ yóò dá dúró.

Ní ti ọkọ yín, mo rò pé kì í ṣe pé ọ̀rọ̀ náà kò kàn án. Kò rí i rí ni. Ó ń jáde ní òkùnkùn, ó ń wọlé ní òkùnkùn, ohun tí ó sì ń gbọ́ ni ẹ̀dùn oṣù mẹ́rìnlá ní ẹnu ẹni tí ó ti rẹ̀. Ẹ ra ìwé àjákọ kan. Ẹ kọ ọjọ́, wákàtí, ohun tí ó ṣe, ọ̀rọ̀ tí ó sọ gan-an bí ó ṣe sọ ọ́, àti ẹni tí ó wà níbẹ̀. Ẹ má kọ bí inú yín ṣe bàjẹ́ tó, ibòmíràn wà fún ìyẹn. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì, ẹ fún un kí ó kà á fúnra rẹ̀. Kì í ṣe kí ó lè lọ pariwo mọ́ màmá náà lẹ́nu ọ̀nà, nítorí pé ìyẹn yóò sọ ọ̀rọ̀ náà di ti ọkùnrin tí ń lérí mọ́ opó tàbí ìyá arúgbó. Ohun tí mo fẹ́ ni pé ní àárọ̀ ọjọ́ Àìkú kan, kí ẹ̀yin méjèèjì jọ lọ kí i, kí òun sì dọ̀bálẹ̀, kí ó ní, “Màmá, ìyàwó mi ti sọ fún mi nípa omi ẹja. Ẹ jọ̀wọ́ mà, kí ọjọ́ yẹn jẹ́ ìkẹyìn.” Kí ẹ dìde, kí ẹ máa lọ. Ẹ má gbé ọ̀rọ̀ náà sórí Facebook, ẹ má sì fi ohùn rẹ̀ tí ẹ gbà sílẹ̀ ránṣẹ́ káàkiri lórí WhatsApp, torí pé lọ́jọ́ tí ẹ bá ṣe bẹ́ẹ̀, ẹ̀yin ni ẹ óò di ẹni tí a fẹ̀sùn kàn.

Ìwé àjákọ yẹn náà ni ẹ óò mú lọ sọ́dọ̀ láńlọ́ọ̀dù. Òfin ilé yíyá tí Ìpínlẹ̀ Èkó ṣe ní ọdún 2011 fún ayálégbé ní ẹ̀tọ́ láti gbádùn ilé tí ó yá ní àlàáfíà, láìsí ìyọlẹ́nu tí kò nídìí, àti láti lo àwọn ibi tí gbogbo ilé jọ ń lò. Okùn aṣọ àti ilé ìdáná wà lára ibi tí gbogbo ilé jọ ń lò. Ẹ má ní kí ó lé màmá náà jáde. Kò ní ṣe é, gbogbo ilé yóò sì gbè sẹ́yìn màmá. Ohun tí ẹ óò béèrè ni kí owó iná bẹ̀rẹ̀ sí í yí láti yàrá kan sí èkejì lóṣooṣù, kí a sì lẹ ìlànà lílo ilé ìdáná àti okùn aṣọ mọ́ ògiri. Ó lè dà bí ohun kékeré. Ṣùgbọ́n mo ti rí ilé tí ọ̀rọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í rọlẹ̀ ní oṣù tí owó iná kúrò lọ́wọ́ ẹnì kan, nítorí pé ẹni tí yóò wá bẹ̀ ọ́ lọ́la pé kí o má já iná òun, yóò ṣòro fún un láti dá ọ lẹ́kun lónìí.

Bí láńlọ́ọ̀dù bá kọtí ikún, ẹ lọ sí Citizens’ Mediation Centre, ibùdó ìlàjà fún ará ìlú tí ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó dá sílẹ̀ ní ọdún 1999 lábẹ́ ilé-iṣẹ́ ètò ìdájọ́. Wọn kì í gba kọ́bọ̀. Ẹ óò sọ ẹjọ́ yín, wọn yóò kọ ìwé pe ẹnì kejì, ẹ óò sì jókòó pẹ̀lú onílàjà tí kì í dájọ́ fún ẹnikẹ́ni, bí ẹ bá sì fẹnu kò, a óò kọ ọ́ sílẹ̀, ẹ̀yin méjèèjì yóò sì fọwọ́ sí i. Nítorí ohun tí mo sọ lókè nípa agbára, ẹ bẹ onílàjà náà pé kí ó kọ́kọ́ gbọ́ tẹnu yín lọ́tọ̀, kí ìwé tí ẹ óò fọwọ́ sí sì dárúkọ ohun tí yóò dúró ní ọ̀kọ̀ọ̀kan: orin, ìkòkò, aṣọ, omi. Ìwé tí ó bá kàn ní kí ẹ máa gbé ní ìrẹ́pọ̀ kò dáàbò bo ẹnikẹ́ni.

Ní ti omi ẹja, dída ohun ìdọ̀tí sí ẹni lára jẹ́ ìkọlù lójú òfin, kódà bí kò bá dá egbò sí i lára. Bí ó bá tún ṣe é, tàbí bí ó bá gbé ohun tí ó gbóná tàbí tí ó mú sókè sí yín, ẹ má dúró de ìlàjà kankan. Ẹ lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá lọ́jọ́ náà gan-an, kí ẹlẹ́rìí kan bá yín lọ.

Ẹ béèrè nínú lẹ́tà yín pé kí ni ẹ fi ṣẹ màmá yìí. N kò mọ̀ ọ́n, n kò sì lè sọ ohun tí ó wà nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n mo ti bi màmá kan tí ó jọ ọ́ ní irú ìbéèrè yìí rí, lẹ́yìn tí ọ̀rọ̀ ti parí tí àwa méjì nìkan jókòó. Ó fi bàtà rẹ̀ ṣeré fún ìgbà díẹ̀, ó wá ní, “Omi gbígbóná ni wọ́n dà sí èmi lẹ́sẹ̀ lọ́dún tí mo dé ilé yẹn. Kò sí ẹni tí ó sọ̀rọ̀.” Ó fi àpá náà hàn mí. Mo sọ èyí fún yín kí ẹ lè mọ̀ pé kì í ṣe ẹ̀yin ni ẹ fà á, n kò sọ ọ́ kí ẹ lè gbà á mọ́ra.

Ẹ fún gbogbo ohun tí mo sọ yìí ní oṣù mẹ́ta. Bí ẹ bá ti ń fi ìtọ̀ mọ́ra ní òru nítorí pé ẹ kò fẹ́ kọjá lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀, bí oorun bá ti dá lójú yín, tí àyà yín sì ń já bí ẹ bá ti ń sún mọ́ ilé láti ibi iṣẹ́, ẹ má dúró kí oṣù mẹ́ta pé kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀ sí í wá ilé mìíràn. Ẹni tí ó kó kúrò níbi tí wọ́n ti ń fìyà jẹ ẹ́ kò sá fún ẹnikẹ́ni.

Lálẹ́ òní, kí ọkọ yín tó dé, ẹ kọ ọjọ́ omi ẹja sí ojú ewé àkọ́kọ́ ìwé náà, pẹ̀lú wákàtí tí ó ṣẹlẹ̀ àti àwọn mẹ́ta tí ó wà níbẹ̀. Lọ́la, bí oúnjẹ alẹ́ bá ti kúrò lórí iná, ẹ lọ kan ilẹ̀kùn ẹni tí ó wo ilẹ̀.